Bẹ́ẹ ṣe lè fi ẹyin àti pọ̀tétò rí bí omi ṣe ń wọ inú sẹ́ẹ̀lì àti bó ṣe ń jáde

Tí wọ́n bá mú sẹ́ẹ̀lì pupa inú ẹ̀jẹ̀ sọ sínú omi lásán tí ò níyọ̀ kankan nínú, á wú, á wú, á sì bẹ́. Tí wọ́n bá sọ òmíì sínú omi tó níyọ̀ dáadáa, á rù, ara ẹ̀ á hunjọ. Ọ̀pọ̀ wa la há èyí sórí níléèwé, èmi náà há a, mo sì gba máàkì ẹ̀, àmọ́ tí wọ́n bá ti yí ìbéèrè yẹn padà díẹ̀ báyìí, bóyá wọ́n ní ṣúgà ni kì í ṣe iyọ̀, tàbí wọ́n ní gbòǹgbò ewéko ni kì í ṣe ẹ̀jẹ̀, orí á dà rú, mi ò ní mọ̀ bóyá omi ń wọlé ni àbí ó ń jáde. Ohun tó jẹ́ kó yé mi dénú ni ẹyin kan tí mo bọ́ karahun ẹ̀ kúrò. Mo rí i tó wú nínú omi, mo tún rí i tó rọ jọ̀bọ̀jọ̀bọ̀ nínú omi ṣúgà, mo gbé e sórí síkéèlì, mo rí i pé lóòótọ́ ni omi ti kúrò nínú ẹ̀. Látọjọ́ yẹn, ọ̀rọ̀ náà ò rú mi lójú mọ́.

Torí ẹ̀, ẹ má kàn ka ìtọ́sọ́nà yìí lásán o, ẹ ṣe é. Ọjọ́ mẹ́rin máa tó o, ìdúró ló sì pọ̀ jù nínú ẹ̀, iṣẹ́ gangan ò pọ̀. Ìbéèrè kan ṣoṣo ni mo fẹ́ kẹ́ẹ máa bi ara yín ní gbogbo ìgbésẹ̀: níbo ni nǹkan yìí ti pọ̀ jù, ṣé ilẹ̀kùn sì wà fún un láti kọjá? Ẹ rántí pé apá méjì ni ìbéèrè yẹn ní, apá kejì yẹn làwọn èèyàn máa ń gbàgbé.

Ohun tẹ́ẹ máa wá sílẹ̀

Ife tàbí gíláàsì mẹ́fà tó mọ́ gaara, ẹyin tútù méjì, fínígà funfun, iyọ̀, ṣúgà, pọ̀tétò ńlá kan tàbí méjì, àwọ̀ olómi díẹ̀ tó lè yòrò nínú omi, sítáàṣì, áyódíìnì tí wọ́n ń tà ní ilé oògùn, náílọ́ọ̀nù fẹ́lẹ́ kan tí kò jò, rúlà, ọ̀bẹ, tíṣù, àti síkéèlì kékeré. Síkéèlì yẹn ló ṣe pàtàkì jù. Èyí tó lè ka ìdá kan nínú mẹ́wàá gíráàmù ló dáa jù, àmọ́ tó bá jẹ́ èyí tó ń ka gíráàmù kan-kan lẹ ní, ẹ kàn gé pọ̀tétò tó pọ̀ díẹ̀ sí i sínú ife kọ̀ọ̀kan, kí ìyàtọ̀ ẹ̀ lè hàn. Ẹ mú ìwé àti bírò náà, torí ohun tẹ́ẹ bá rò pé ẹ máa rántí lọ́la, ẹ ò ní rántí ẹ̀.

Ẹ kọ́kọ́ mọ ògiri tá à ń sọ

Gbogbo sẹ́ẹ̀lì ló ní awọ tó bò ó yíká. Awọ yìí fẹ́lẹ́ kọjá ohun tójú lè rí, kò ju nǹkan bíi nánómítà 7 sí 8 lọ, ìyẹn ni pé èèyàn máa ní láti to irú ẹ̀ tó lé ní 10,000 léra wọn kó tó lè nípọn tó bébà kan ṣoṣo. Ọ̀rá ni wọ́n fi ṣe é, ìpele méjì. Mólékù ọ̀rá kọ̀ọ̀kan, ìyẹn ẹyọ ọ̀rá tó kéré jù lọ, ní orí tó fẹ́ràn omi àti ìrù tó ń sá fún omi, torí náà gbogbo wọn á kọ orí síta, wọ́n á kó ìrù pa mọ́ sáàárín. Àárín olọ́ràá yẹn gan-an ni ògiri. Nǹkan kékeré tí ò ní iná mànàmáná lára, bíi afẹ́fẹ́ ọ́síjìn àti carbon dioxide, á kàn gba inú ọ̀rá yẹn kọjá bí ẹni pé kò sí nǹkan níbẹ̀. Àmọ́ iyọ̀ tó ti yòrò, tó ti pín sí sódíọ̀mù àti kiloráìdì tí iná mànàmáná wà lára wọn, kò lè kọjá. Gúlúkóòsì, ìyẹn irú ṣúgà kan, náà ò lè kọjá, ó ti tóbi jù, ó sì fẹ́ràn omi ju ọ̀rá lọ.

Àwọn tí ò lè kọjá yìí ló nílò ilẹ̀kùn, púrótéènì tó dúró sínú awọ náà sì ni ilẹ̀kùn wọn. Lọ́dún 1972 ni àwọn onímọ̀ sáyẹ́ǹsì méjì, Singer àti Nicolson, ṣàlàyé ẹ̀ pé ńṣe ni àwọn púrótéènì yìí ń léfòó kiri nínú ọ̀rá náà, pé awọ yẹn ò le gbagidi bí ògiri símẹ́ńtì, ó ń ṣàn. Omi ńkọ́? Omi díẹ̀díẹ̀ lè yọ́ gba inú ọ̀rá, àmọ́ ó tún ní ilẹ̀kùn tiẹ̀ tí wọ́n ń pè ní aquaporin. Peter Agre àtàwọn tí wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́ ló ṣàwárí ẹ̀ lọ́dún 1992, ó sì gba ẹ̀bùn Nobel lórí ẹ̀ lọ́dún 2003. Ilẹ̀kùn kan ṣoṣo nínú ẹ̀ lè jẹ́ kí nǹkan bíi mólékù omi bílíọ̀nù mẹ́ta kọjá láàárín sẹ́kọ́ǹdì kan, lọ́kọ̀ọ̀kan lórí ìlà, kò sì ní jẹ́ kí iyọ̀ tẹ̀ lé wọn wọlé. Ó máa ń yà mí lẹ́nu tí mo bá rántí ẹ̀.

Ìgbésẹ̀ àkọ́kọ́: àwọ̀ nínú omi

Ẹ bu omi tútù sínú ife kan, ẹ bu omi gbígbóná sínú ìkejì, kí wọ́n jọ wà ní ìwọ̀n kan náà. Ẹ fi wọ́n sílẹ̀ fún nǹkan bí ìṣẹ́jú márùn-ún kí omi náà lè dákẹ́, torí tó bá ṣì ń yí kiri, òun ló máa gbé àwọ̀ yẹn kiri, ẹ ò sì ní mọ èyí tí dìfúṣọ̀n ṣe, ìyẹn bí nǹkan ṣe ń tàn ká fúnra ẹ̀. Ẹ wá kán àwọ̀ ẹ̀kán kan sínú ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ẹ má rò ó, ẹ má fọwọ́ kan ife náà, ẹ kàn máa wò.

Inú omi gbígbóná làwọ̀ náà á ti yára tàn ká. Inú èyí tó tutù, á rọra sọ̀ kalẹ̀ bí òwú, á wà lójú kan fúngbà díẹ̀, kó tó wá máa tàn. (Omi gbígbóná máa ń rú sókè fúnra ẹ̀, òótọ́ ni, kì í ṣe dìfúṣọ̀n nìkan lẹ máa rí níbẹ̀, àmọ́ ìyàtọ̀ yẹn ṣì máa hàn kedere.)

Kí ló ń tì í? Kò sóhun tó ń tì í. Ibi tọ́pọ̀ èèyàn ti ń ṣìnà nìyí, wọ́n rò pé àwọ̀ yẹn mọ ibi tó ń lọ. Mólékù kankan ò mọ ibi tó ń lọ. Gbogbo wọn ń sáré kiri, wọ́n ń kọlu ara wọn, ọ̀tún òsì, òkè ìsàlẹ̀, láìdúró. Robert Brown rí ipa ẹ̀ lọ́dún 1827 nígbà tó ń fi máíkírósíkóòpù wo àwọn hóró kéékèèké tó jáde látinú ìyẹ̀fun òdòdó, ó rí i pé wọ́n ń jó nínú omi láìsí pé ẹnì kan ń mì wọ́n, ọdún 1905 ni Einstein wá fi ìṣirò ṣàlàyé pé mólékù omi ló ń kọlù wọ́n. Tó bá jẹ́ pé ẹgbẹ̀rún wà lápá ọ̀tún, tí mẹ́wàá wà lápá òsì, tí kálukú ń sáré bó ṣe wù ú, àwọn tó máa bọ́ sósì á pọ̀ ju àwọn tó máa bọ́ sọ́tùn-ún lọ, ó tán. Ohun tí dìfúṣọ̀n jẹ́ nìyẹn, látibi tó ti pọ̀ lọ síbi tí ò ti pọ̀, kò náwó, kò nágbára sẹ́ẹ̀lì kankan. Tó bá sì wá dọ́gba níbi gbogbo, wọn ò jókòó o, wọ́n ṣì ń sáré, àmọ́ iye tó ń lọ àti iye tó ń bọ̀ ti bára dọ́gba.

Kẹ́ẹ tó kúrò níbẹ̀, ẹ wo aago. Mólékù kékeré bíi ọ́síjìn tàbí ṣúgà lè fi dìfúṣọ̀n kọjá inú sẹ́ẹ̀lì tó fẹ̀ tó ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún mìlímítà kí ojú tó ṣẹ́, kò tó ìdá kan nínú mẹ́wàá sẹ́kọ́ǹdì. Kó tó rin mìlímítà kan, ó máa tó nǹkan bí ìṣẹ́jú mẹ́jọ. Sẹ̀ǹtímítà kan? Nǹkan bíi wákàtí 14. Sẹ̀ǹtímítà mẹ́wàá, ó ń lọ sí bí oṣù méjì. Tí ọ̀nà bá jìn ní ìlọ́po mẹ́wàá, àkókò á di ìlọ́po ọgọ́rùn-ún, bí ìṣirò ẹ̀ ṣe rí nìyẹn. Ìdí nìyẹn tí sẹ́ẹ̀lì fi kéré, ìdí nìyẹn náà tí ara wa fi nílò ọkàn tó ń fún ẹ̀jẹ̀ kiri, torí ká ní dìfúṣọ̀n nìkan ló ń gbé ọ́síjìn látinú ẹ̀dọ̀fóró dé ọmọ ìka ẹsẹ̀, a ti kú tipẹ́. Nínú ẹ̀dọ̀fóró fúnra ẹ̀, ògiri tó wà láàárín afẹ́fẹ́ àti ẹ̀jẹ̀ ò nípọn tó ìdá kan nínú ẹgbẹ̀rún mìlímítà, dìfúṣọ̀n lè ṣe ìyẹn wẹ́rẹ́.

Ìgbésẹ̀ kejì: ta ló lè kọjá, ta ni ò lè kọjá

Ẹ po ṣíbí kékeré kan sítáàṣì mọ́ omi gbígbóná díẹ̀, ẹ jẹ́ kó tutù, ẹ dà á sínú náílọ́ọ̀nù fẹ́lẹ́ yẹn, ẹ so ẹnu ẹ̀ pinpin, kẹ́ẹ sì fi omi ṣan ẹ̀yìn ẹ̀ kí sítáàṣì kankan má bàa wà níta. Ẹ kán áyódíìnì sínú ife omi títí tó fi máa ní àwọ̀ bíi tíì. Ẹ wá gbé náílọ́ọ̀nù náà sínú ife yẹn, ẹ fi sílẹ̀ fún wákàtí kan sí mélòó kan. Ẹ má jẹ́ kí áyódíìnì kan aṣọ yín, ẹ má sì jẹ́ kọ́mọdé gbé e mu o, oró ni.

Tẹ́ẹ bá padà dé, inú náílọ́ọ̀nù á ti di búlúù tó dúdú, àmọ́ omi ìta ṣì máa ní àwọ̀ tíì ẹ̀, bóyá ó kàn ti ṣá díẹ̀. Áyódíìnì máa ń sọ sítáàṣì di dúdú níbikíbi tí wọ́n bá ti pàdé, torí náà inú ni wọ́n ti pàdé, kì í ṣe ìta. Áyódíìnì kéré, ó ríhò gbà. Sítáàṣì tóbi gan-an, ẹgbẹẹgbẹ̀rún gúlúkóòsì ni wọ́n so pọ̀ di ọ̀kan ṣoṣo, kò ríhò gbà. Sítáàṣì pọ̀ nínú ju ìta lọ, ó yẹ kó jáde, àmọ́ kò sílẹ̀kùn. Apá kejì ìbéèrè wa nìyẹn.

Ohun yìí náà ló ń gba ẹ̀mí àwọn tí kíndìnrín wọn ò ṣiṣẹ́ mọ́ là. Ẹ̀rọ tó ń fọ ẹ̀jẹ̀, tí Willem Kolff fi tọ́jú èèyàn lọ́dún 1943 ní Netherlands, awọ cellophane ló lò. Ẹ̀jẹ̀ wà lápá kan, omi tí wọ́n ti ṣètò iyọ̀ ẹ̀ wà lápá kejì, ìdọ̀tí kéékèèké á gba awọ yẹn jáde, sẹ́ẹ̀lì ẹ̀jẹ̀ àti púrótéènì ńláńlá á sì dúró sínú.

Ìgbésẹ̀ kẹta: ẹyin tí ò ní karahun

Èyí lèmi fẹ́ràn jù. Ẹ gbé ẹyin tútù méjèèjì sínú ife ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, ẹ da fínígà lé wọn lórí títí tó fi máa bò wọ́n. Láìpẹ́ ẹ máa rí hóhò kéékèèké lára wọn. Ásíìdì inú fínígà ló ń jẹ karahun yẹn, carbon dioxide ló ń jáde. Ẹ fi wọ́n sílẹ̀ di ọjọ́ kejì, ẹ da fínígà àtijọ́ nù, ẹ da tuntun sí i, ẹ tún fi wọ́n sílẹ̀ fún wákàtí 24 míì. Ẹ wá fi omi rọra wẹ̀ wọ́n, kẹ́ẹ fi ìka nu ìyókù karahun yẹn kúrò, jẹ́jẹ́ o, torí tẹ́ẹ bá fún un, ó máa bẹ́ mọ́ yín lọ́wọ́. Ohun tó máa kù ni ẹyin rọ̀bọ̀tọ̀ tó rọ̀, tẹ́ẹ lè rí pupa ẹ̀ nínú tẹ́ẹ bá gbé e kojú iná.

Ẹ máa rí i pé ó ti tóbi ju bó ṣe wà tẹ́lẹ̀ lọ. Ṣé ẹ ti mọ̀dí ẹ̀? Omi ló pọ̀ jù nínú fínígà, ásíìdì ibẹ̀ ò ju nǹkan bí 5% lọ. Omi ti ń wọlé láti ọjọ́ méjì yẹn.

Ẹ fi tíṣù nu wọ́n, ẹ wọ̀n wọ́n, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀. Ẹ ti ní láti se omi ṣúgà tó ki, ṣúgà ife méjì sí omi gbígbóná ife kan, kẹ́ẹ sì jẹ́ kó tutù pátápátá. Ẹ fi ẹyin kan sínú omi lásán, ẹ fi ìkejì sínú omi ṣúgà. Kẹ́ẹ tó kúrò níbẹ̀, ẹ kọ ohun tẹ́ẹ rò pé ó máa ṣẹlẹ̀ sílẹ̀ pẹ̀lú bírò, kì í ṣe lórí ahọ́n.

Lọ́jọ́ kejì, ẹyin inú omi á ti wú, ara ẹ̀ á le bíi bọ́ọ̀lù tí wọ́n fún ní afẹ́fẹ́ tó. Èyí tó wà nínú ṣúgà á ti rọ, á dà bí àpò tí wọ́n tú ẹrù inú ẹ̀ dànù, tẹ́ẹ bá sì wo orí omi ṣúgà yẹn dáadáa, ẹ máa rí i pé ó ti ṣàn díẹ̀ sí i ju bẹ́ẹ ṣe sè é lọ. Omi tó ti ẹyin jáde ló lọ síbẹ̀. Ẹ wọn méjèèjì, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀. Lẹ́yìn náà kẹ́ẹ wá gbé èyí tó rọ yẹn sínú omi lásán, kẹ́ẹ padà wá wò ó lọ́jọ́ kejì. Á tún wú. Ẹyin kan náà ni o, ohun tó yí i ká ló yí padà.

Ọsimósísì nìyẹn. Kì í ṣe nǹkan míì, dìfúṣọ̀n omi ni, pẹ̀lú awọ tó gba omi láyè tó sì ń dènà nǹkan tó yòrò sínú omi. Ibi tí iyọ̀ tàbí ṣúgà tàbí púrótéènì bá ti pọ̀, wọ́n ti gba àyè lọ́wọ́ omi, omi tó lè rìn fàlàlà níbẹ̀ ti dín kù, torí náà omi á máa wá síbẹ̀ látibi tí òun ti pọ̀. Ẹ gbọ́ mi dáadáa: ẹ má ka iyọ̀, ẹ ka omi. Èèyàn máa ń sọ pé iyọ̀ fa omi, ó yé wa bẹ́ẹ̀ nínú ọ̀rọ̀ ẹnu, àmọ́ iyọ̀ ò ní okùn lọ́wọ́. Omi ló ń rìn fúnra ẹ̀. Látìgbà tí mo ti ń ka omi dípò iyọ̀ ni mi ò ti ṣi ìdáhùn kankan mọ́.

Ó yẹ kí n sọ pé awọ ara ẹyin yìí kì í ṣe awọ sẹ́ẹ̀lì gangan, okùn púrótéènì tín-ín-rín ni wọ́n fi hun ún, àmọ́ ó ń ṣe bíi tiẹ̀ nínú ọ̀rọ̀ yìí, omi ń yára kọjá, púrótéènì inú ẹyin ò lè jáde, ṣúgà náà kì í yára wọlé bí omi ṣe ń jáde. Ẹ má sì jẹ ẹyin yìí o, tútù ni, ó sì ti wà níta lọ́jọ́ mélòó kan. Ọ̀rọ̀ awọ yìí ti pẹ́, lọ́dún 1748 ni Nollet, àlùfáà kan nílẹ̀ Faransé, fi àpòòtọ̀ ẹlẹ́dẹ̀ bo ẹnu ìgò tí ọtí líle wà nínú ẹ̀, ó rì í sínú omi, ó sì rí i tí awọ náà wú sókè torí omi ń wọlé.

Ìgbésẹ̀ kẹrin: pọ̀tétò, ibi tí ìṣirò wà

Ẹyin jẹ́ kẹ́ẹ rí i. Pọ̀tétò máa jẹ́ kẹ́ẹ wọ̀n ọ́n, ẹ ò sì gbọdọ̀ kánjú níbí.

Ẹ bu omi mìlílítà 200 sínú ife mẹ́fà. Ẹ má fi iyọ̀ sí ti àkọ́kọ́. Ẹ fi gíráàmù 1 sí ìkejì, 2 sí ìkẹta, 4 sí ìkẹrin, 6 sí ìkarùn-ún, 10 sí ìkẹfà. Ìyẹn á fún yín ní 0%, 0.5%, 1%, 2%, 3% àti 5%. Ẹ rò wọ́n títí iyọ̀ á fi yòrò tán, ẹ kọ nọ́ńbà sára ife kọ̀ọ̀kan, torí tí ife bá pàdé ara wọn, gbogbo iṣẹ́ ti bàjẹ́ nìyẹn.

Ẹ bó pọ̀tétò, ẹ gé e sí ìlà-ìlà, sẹ̀ǹtímítà 5 gígùn, sẹ̀ǹtímítà 1 ní fífẹ̀ àti ní nínípọn. Kí èèpo kankan má ṣẹ́ kù lára ẹ̀, torí èèpo kì í jẹ́ kí omi kọjá. Mẹ́ta-mẹ́ta ló máa wọ ife kọ̀ọ̀kan. Tó bá ṣeé ṣe, kí gbogbo ẹ̀ wá láti ara pọ̀tétò kan náà, tí ò bá tó, ẹ pín pọ̀tétò méjèèjì dọ́gba sí gbogbo ife. Ẹ fi tíṣù nu àwọn mẹ́ta tó ń lọ sínú ife kan, ẹ wọ̀n wọ́n pọ̀, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀, ẹ sọ wọ́n sínú ife. Kí omi bò wọ́n. Ẹ bo ẹnu ife náà kí omi má bàa gbẹ lọ, kẹ́ẹ fi sílẹ̀ fún wákàtí méjì ó kéré tán, òru mọ́jú ló dáa jù.

Lẹ́yìn náà, ẹ yọ wọ́n jáde ní ife-ní-ife. Kẹ́ẹ tó wọ̀n wọ́n, ẹ tẹ̀ wọ́n wò. Tinú omi lásán á le, tẹ́ẹ bá ṣẹ́ ẹ, á dún pó! Tinú 5% á rọ, ẹ lè ká a láìṣẹ́. Ẹ wá fi tíṣù nù wọ́n bẹ́ẹ ṣe nù wọ́n lákọ̀ọ́kọ́, kò gbọdọ̀ jẹ́ pé ẹ nu ọ̀kan dáadáa kẹ́ẹ kàn fọwọ́ kan ìkejì lásán, ibi tí ọ̀pọ̀ ti ń ṣe àṣìṣe jù nìyí. Ẹ wọ̀n wọ́n.

Ìṣirò ẹ̀: ẹ fi ìwọ̀n àkọ́kọ́ yọ kúrò nínú ìwọ̀n ìkẹyìn, ẹ pín in pẹ̀lú ìwọ̀n àkọ́kọ́, ẹ sọ ọ́ di ìlọ́po 100. Ẹ jẹ́ ká ní pọ̀tétò yín jẹ́ gíráàmù 15.0 kó tó wọ omi, ó wá di 16.2. Ìyàtọ̀ ẹ̀ jẹ́ 1.2, tẹ́ẹ bá pín in sí 15 á di 0.08, ìyẹn 8% ló fi pọ̀ sí i. Tí òmíì bá ti 15.0 bọ́ sí 12.6, ó ti fi 16% dín kù. Ìdí tá a fi ń lo pàsẹ́ǹtì ni pé ìwọ̀n tí wọ́n fi bẹ̀rẹ̀ ò dọ́gba, tẹ́ẹ bá kàn ń fi gíráàmù wé gíráàmù, èyí tó tóbi tẹ́lẹ̀ á tàn yín jẹ.

Ẹ wá yà á sórí ìwé, iyọ̀ lórí ìlà tó dùbúlẹ̀, pàsẹ́ǹtì lórí ìlà tó dúró, òdo láàárín, èyí tó pọ̀ sí i lókè, èyí tó dín kù nísàlẹ̀. Ẹ fa ìlà tó gba àárín àwọn àmì yẹn kọjá. Ibi tí ìlà yẹn bá ti gé òdo ni ẹ máa wá o. Lójú ibẹ̀, omi tó ń wọlé àti omi tó ń jáde dọ́gba, ó túmọ̀ sí pé bí omi inú pọ̀tétò ṣe rí ni omi inú ife náà rí. Ẹ ti fi ọ̀bẹ àti síkéèlì mọ ohun tó wà nínú sẹ́ẹ̀lì láìfi máíkírósíkóòpù wò ó! Lọ́pọ̀ ìgbà ó máa ń bọ́ sáàárín 0.5% sí 1.5% iyọ̀, ó dá lórí irú pọ̀tétò náà àti bó ṣe pẹ́ tó nílẹ̀. Tí tiyín bá jìnnà gan-an síbẹ̀, ẹ tún síkéèlì àti tíṣù yẹn wò.

Ẹnì kan lè bi mí pé kí ló dé tí sẹ́ẹ̀lì pọ̀tétò ò bẹ́ nínú omi lásán bíi sẹ́ẹ̀lì ẹ̀jẹ̀. Ewéko ní ògiri líle míì lẹ́yìn awọ sẹ́ẹ̀lì ẹ̀, cellulose ni wọ́n fi ṣe é. Omi á wọlé, awọ á tì mọ́ ògiri, ògiri á tì í padà, títí tí omi ò fi ní lè wọlé mọ́. Ìtì yẹn ló ń gbé ewé dúró, òun náà ló kúrò lára ewé tó bá rọ nítorí òǹgbẹ. Nínú omi oníyọ̀ tó ki, òdìkejì ló ń ṣẹlẹ̀, awọ á ṣí kúrò lára ògiri, á rún sáàárín.

Bẹ́ẹ ṣe máa fi dáhùn ìbéèrè

Ọ̀rọ̀ mẹ́ta tó máa ń dẹ́rù bani ni hypotonic, isotonic àti hypertonic. Kò sí nǹkan kan nínú ẹ̀. Omi tó wà níta sẹ́ẹ̀lì ni wọ́n ń fi wé ti inú. Tí nǹkan tó yòrò tí ò rọ́nà wọlé bá kéré níta ju inú lọ, hypotonic ni, omi á wọlé. Tó bá dọ́gba, isotonic ni. Tó bá pọ̀ níta, hypertonic ni, omi á jáde. Ẹ ò lè sọ pé omi kan jẹ́ hypertonic láìsọ ohun tẹ́ẹ fi wé, bí ìgbà tẹ́ẹ ní ẹnì kan ga jù tẹ́ ò sọ ẹni tó ga jù.

Ẹ dán an wò. Omi tí wọ́n ń fà sí ìṣan aláìsàn, kí ló dé tó fi jẹ́ 0.9% iyọ̀, ìyẹn gíráàmù 9 nínú lítà kan? Torí pé ó bá inú sẹ́ẹ̀lì ẹ̀jẹ̀ dọ́gba. Ẹni tí òǹgbẹ ń gbẹ lójú òkun, kí ló dé tí omi òkun ò fi lè ràn án lọ́wọ́? Iyọ̀ inú omi òkun tó nǹkan bíi gíráàmù 35 nínú lítà kan, kíndìnrín èèyàn ò sì lè ṣe ìtọ̀ tó níyọ̀ tó bẹ́ẹ̀, torí náà omi tó máa lò láti fi kó iyọ̀ yẹn jáde á pọ̀ ju èyí tó mu lọ. Paramecium, ẹ̀dá tíńtín onísẹ́ẹ̀lì kan ṣoṣo tó ń gbé inú omi odò ńkọ́, kí ló dé tí ò bẹ́? Ó ní àpò kékeré kan tó ń gbọ́n omi dànù lemọ́lemọ́. Wọ́n da ajílẹ̀ sídìí ewéko ju bó ṣe yẹ lọ, ewé rọ, omi sì wà nílẹ̀? Ẹ dáhùn ìyẹn fúnra yín.

Ọ̀kan tí mo fẹ́ kí gbogbo òbí mọ̀ ni ti ọmọ tó ń ṣu omi. Omi lásán nìkan ò tó fún un. Nínú ìfun, ilẹ̀kùn kan wà tó jẹ́ pé sódíọ̀mù àti gúlúkóòsì ló jọ máa ń gba ibẹ̀ wọlé, tí wọ́n bá wọlé, omi á fi ọsimósísì tẹ̀ lé wọn. Ìdí tí ORS, ìyẹn oògùn oníyẹ̀fun tí wọ́n ń fi omi po fún ọmọ tó ń ṣu omi, fi ní iyọ̀ àti ṣúgà pa pọ̀ nìyẹn. Èyí tí WHO àti UNICEF fọwọ́ sí láti ọdún 2002 ní sódíọ̀mù mílímóòlù 75 àti gúlúkóòsì mílímóòlù 75 nínú lítà kan (mílímóòlù ni wọ́n fi ń ka iye mólékù). Torí náà iye omi tí wọ́n kọ sára páálí ẹ̀ ni kẹ́ẹ fi po ó, ẹ má dín in kù. Tó bá ki jù, inú ìfun ló máa di ibi tí omi ti kéré, omi á wá máa ti ara ọmọ jáde síbẹ̀, ẹ sì ti rí ohun tí ṣúgà ṣe sí ẹyin.

Dìfúṣọ̀n àti ọsimósísì tí mo sọ látòkè, wọn ò ná sẹ́ẹ̀lì lágbára. Àmọ́ nígbà míì sẹ́ẹ̀lì nílò láti gbé nǹkan látibi tó kéré lọ síbi tó ti pọ̀, ìyẹn gba owó, ATP, mólékù tí sẹ́ẹ̀lì ń rí agbára nínú ẹ̀, ni owó ẹ̀. Púrótéènì kan wà tí Jens Skou ṣàlàyé lọ́dún 1957, ATP kan ló ń ná tó fi ń lé sódíọ̀mù mẹ́ta síta, tó ń kó potassium méjì wọlé. Ká ní ó dáwọ́ dúró, sódíọ̀mù á kún inú sẹ́ẹ̀lì, omi á tẹ̀ lé e, sẹ́ẹ̀lì á wú.

Èyí tó kù kẹ́ẹ ṣe

Ẹ se pọ̀tétò kan fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá, ẹ jẹ́ kó tutù, ẹ gé e bíi ti àkọ́kọ́, kẹ́ẹ fi ìlà mẹ́ta ẹ̀ sínú omi lásán mọ́jú pẹ̀lú mẹ́ta tútù nínú ife kejì. Omi kan náà, pọ̀tétò kan náà, iye wákàtí kan náà. Tútù á le. Èyí tẹ́ẹ sè ò ní le rárá, bó ti wù kẹ́ẹ fi sílẹ̀ pẹ́ tó, torí iná ti ba awọ sẹ́ẹ̀lì ẹ̀ jẹ́, kò sóhun tó ń dá nǹkan inú ẹ̀ dúró mọ́, gbogbo ohun tó yòrò ń wọlé ń jáde bó ṣe wù wọ́n. Ẹ tẹ méjèèjì wò lẹ́ẹ̀kan náà, ọ̀kan lọ́wọ́ ọ̀tún, ọ̀kan lọ́wọ́ òsì.